Ẹni tí Ó Ń Jẹun Ọba: Ìbéèrè Kan Lórí Sinimá Àwòrán Ilẹ̀ Rọ́ṣíà

Ǹjẹ́ ẹni tí ó ń jẹun ọba lè sọ òtítọ́ nípa ọba? Bí kò bá lè sọ ọ́ ní gbangba, tí ó wá dì í sínú ìtàn ọmọdé, ṣé òtítọ́ náà ni ó sọ, àbí ìbẹ̀rù ni ó pa láṣọ dà? Ọ̀rọ̀ yìí kò jìnnà sí àwa olùkọ́. Owó ìjọba ni púpọ̀ nínú wa ń gbà. Ìwé tí ìjọba bá sì yàn ni a fi ń kọ́ ọmọ. Ṣùgbọ́n àwọn ará Rọ́ṣíà tí wọ́n ń mú àwòrán rìn nínú sinimá ni n ó fi ṣe àpẹẹrẹ, nítorí pé ohun tí ojú wọn rí kò fi ààyè sílẹ̀ fún ìdáhùn wẹ́rẹ́.

Iṣẹ́ náà ti wà kí ìjọba Sófíẹ́tì tó dé. Ní 1912, Ladislas Starewicz kó òkú kòkòrò jọ, ó ń sún ẹsẹ̀ wọn díẹ̀díẹ̀, ó sì ń ya fọ́tò ìsún kọ̀ọ̀kan, títí àwọn kòkòrò náà fi di ọkọ àti ìyàwó tí ń dalẹ̀ ara wọn. Ní 1936 ni a dá ilé-iṣẹ́ Soyuzmultfilm sílẹ̀ ní ìlú Mọ́sìkò. Láti ìgbà náà, ìjọba ni ó ń sanwó, ìjọba ni ó ń yẹ iṣẹ́ wò, òun náà ni ó sì ń pinnu èyí tí ará ìlú yóò rí. Kí a má purọ́, àǹfààní wà níbẹ̀. Ayàwòrán kò níláti máa wá oníbàárà kiri, ó sì lè fi sùúrù ṣe iṣẹ́ rẹ̀. Ara èso irú ètò bẹ́ẹ̀ ni sinimá Ọbabìnrin Yìnyín tí Lev Atamanov ṣe ní 1957.

Fyodor Khitruk ni ó kọ́kọ́ mú ìbéèrè wa le. Nínú sinimá rẹ̀ ti 1962, akọ̀wé owó kan, ènìyàn jẹ́jẹ́, ṣàdédé fi páànù ìdíǹkan lu obìnrin méjì. Sinimá náà wá padà sẹ́yìn, ó fi ariwo àwọn aládùúgbò tí kò jẹ́ kí ó sùn hàn wá. Ní 1966, ó ya ọ̀gá ọ́fíìsì kan tí ó wà nínú férémù. Bí ipò ọ̀gá náà ti ń ga ni férémù ń nípọn sí i, títí a kò fi rí ènìyàn inú rẹ̀ mọ́. Èmi fẹ́ràn méjèèjì. Síbẹ̀, bí a bá wò ó fínnífínní, ìránṣẹ́ ọba ni Khitruk gún lábẹ́rẹ́. Kò fọwọ́ kan ọba fúnra rẹ̀.

Andrei Khrzhanovsky fọwọ́ kàn án. Nínú sinimá rẹ̀ ti 1968, olórin kan gbé ohun-èlò orin tí a fi gíláàsì ṣe wọ ìlú tí ojúkòkòrò ti sọ àwọn ará ibẹ̀ di abàmì. Alágbára ìlú náà fọ́ ohun-èlò ọ̀hún, ó sì mú olórin lọ. A fi ọ̀rọ̀ ìṣáájú kan síwájú sinimá náà, tí ó ń wí pé ìlú àwọn olówó òde òní, ti àwọn onísòwò ńlá, ni a ń bá wí. Àwọn alábẹ̀wò kò gbà á gbọ́. Wọ́n ti sinimá náà mọ́lé fún ọ̀pọ̀ ọdún. Ọ̀rọ̀ ìṣáájú yẹn dùn mí ju ìfòfindè náà lọ. Kí a bo òtítọ́ láṣọ kì í ṣe irọ́. Gbogbo apàlọ́ ni ó ń ṣe é. Ṣùgbọ́n bí ẹni tí ó ní àṣẹ bá bi ọ́ pé, “Ta ni ò ń bá wí?”, aṣọ náà kò lè dáàbò bò ọ́ mọ́ àfi bí o bá fi irọ́ lẹ̀ ẹ́. Èmi kò dá ẹnikẹ́ni lẹ́bi níbẹ̀ o. Ẹni tí a kò bi ní irú ìbéèrè bẹ́ẹ̀ rí kò mọ bí ẹnu rẹ̀ yóò ti rí.

Yuri Norstein gba ọ̀nà mìíràn. Òun àti ìyàwó rẹ̀, Francesca Yarbusova, tí ó jẹ́ ayàwòrán, ni wọ́n jọ ń ṣiṣẹ́. Ní 1975, bébà fẹ́lẹ́ tí wọ́n ń gbé sókè díẹ̀díẹ̀ sí ojú kámẹ́rà ni wọ́n fi ṣe ìkùukùu tí ẹranko kékeré ẹlẹ́gùn-ún kan sọnù sí. Ní 1979, ó ṣe sinimá ìṣẹ́jú bí i 29 nípa ìkookò kékeré inú orin ìrẹmọlẹ́kún. Ọkùnrin àti obìnrin ń jó lábẹ́ iná. Lójijì, àwọn ọkùnrin ń pòórá lọ́kọ̀ọ̀kan, apá àwọn obìnrin ṣófo. Ogun ni ó kó wọn lọ. Ìṣẹ́gun ni ìjọba máa ń sọ̀rọ̀ rẹ̀. Apá òfìfo ni Norstein fi hàn. Àwọn aláṣẹ kọ àkọlé tí ó mú láti inú orin náà, ó sì fi òmíràn rọ́pò rẹ̀. Àkọlé ni ó yí padà. Apá òfìfo wà níbẹ̀. Bí a bá bi í pé ta ni ó ń bá wí, kò sí irọ́ tí ó níláti pa, nítorí kò fi ohunkóhun pamọ́. Ní tèmi, ìdáhùn tí ó súnmọ́ òtítọ́ jùlọ nìyẹn. Ní 1984, ní Los Angeles, àwọn onímọ̀ dìbò pé sinimá náà ni ó dára jùlọ nínú irú rẹ̀.

Ṣùgbọ́n oúnjẹ ọba kò tó o jẹ títí. Ní 1981 ni ó bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ lórí ìtàn Gogol nípa akọ̀wé tálákà kan àti ẹ̀wù òtútù rẹ̀. Ìjáfara rẹ̀ sú àwọn aláṣẹ, ó sì kúrò ní Soyuzmultfilm láàárín ọdún mẹ́wàá náà. Ìjọba Sófíẹ́tì fúnra rẹ̀ wó ní 1991. Kò sí alábẹ̀wò mọ́, kò sì sí owó. Ogójì ọdún kọjá lórí iṣẹ́ náà, akọ̀wé náà kò tíì wọ ẹ̀wù rẹ̀ dé òpin ìtàn.