Ẹ Jẹ́ Kí Àlejò Mumi Tán

Àlejò tó bá jọ òkété là á fún lékùrọ́. Òwe yìí yé ará Ìdànrè ju ẹlòmíràn lọ. Nígbà tí ìlú wa ṣì wà lórí òkè, kò sí àlejò tó ń ṣèèṣì yà sílé ẹni. Àtẹ̀gùn tí wọ́n ṣe síbẹ̀ lé ní 600, àwọn ọ̀dọ́ ìwòyí gan-an ń jókòó sinmi lójú ọ̀nà. Ẹni tó bá gun òkè yẹn dé ẹnu ọ̀nà rẹ, tó ń mí gúlegúle, ṣé wàá bi í pé kí ló gbé e wá? Omi lo máa bù fún un ná. Ọ̀rọ̀ ń bọ̀ lẹ́yìn.

Àlejò olóṣèlú ló ṣòro jù. Ọ̀kan wá tọrọ owó, ọ̀kan ń wá tíkẹ́ẹ̀tì, òmíràn wá ṣamí. Iyán kan náà ni gbogbo wọn á jẹ. Bí wọ́n bá ní kí n dárúkọ ẹni tó mọ irú àlejò bẹ́ẹ̀ gbà, Ìkẹ́nnẹ́ ni mo máa lọ, sílé ìyá kan. Olóyè Hannah Ìdòwú Dìdéolú Awólọ́wọ̀, Màmá HID, oníṣòwò aṣọ ni kó tó di ìyá ẹgbẹ́. Láti 1951 tí wọ́n ti ṣí ẹgbẹ́ òṣèlú Action Group l'Ọ́wọ̀, níbí ní ìpínlẹ̀ wa, àlejò kò dá lẹ́sẹ̀ ọkọ rẹ̀, Olóyè Awólọ́wọ̀ tó jẹ́ olórí ẹgbẹ́ náà, mọ́. Nígbà tí wọ́n ju ọkọ sẹ́wọ̀n ní 1963, ìyàwó kò ti ilẹ̀kùn. Ó bọ́ síta, ó polongo ìbò fún àjọpọ̀ ẹgbẹ́ òṣèlú UPGA ní 1964.

Awólọ́wọ̀ kú ní 1987. Màmá wá di alága ilé iṣẹ́ tó ń tẹ Nigerian Tribune, ìwé ìròyìn tí ọkọ rẹ̀ dá sílẹ̀ n'Íbàdàn ní 1949. Àwọn kan á ní iṣẹ́ ọ̀tọ̀ nìyẹn. Èmi ò gbà. Obìnrin tó ti ń gbé àwo fún olóṣèlú láti ọjọ́ pípẹ́ yóò ti mọ òpùrọ́ kó tó jókòó tán. Yóò mọ ọ̀rọ̀ tó yẹ kí ìlú gbọ́, yóò sì mọ èyí tó yẹ kó kú sí pálọ̀. Kí tún ni iṣẹ́ ìwé ìròyìn?

Ẹnu àìmẹ́nu, ètè àìmétè, ní í kó ọ̀ràn bá ẹ̀rẹ̀kẹ́. Lóde òní, ìyálé ilé olóṣèlú ti di gbajúmọ̀ orí ẹ̀rọ. Àlejò kò tíì fọwọ́ kan òkèlè tí àwòrán rẹ̀ ti wà lórí Facebook, pẹ̀lú ohun tó sọ àti èyí tí kò sọ. Ta ni yóò tún padà wá sọ òótọ́ nínú irú ilé bẹ́ẹ̀?

Ẹ̀yin ìyá wa tí ilé yín kún fún àlejò lásìkò ìbò, mo bẹ̀ yín, ẹ gbé fóònù sílẹ̀ ná. Ẹ jẹ́ kí wọ́n mumi tán.