Gbèsè Tí Ó Wà Nínú Ẹ̀jẹ̀ Wa

 

Ní ìpàdé wa kan, lẹ́yìn tí nọ́ọ̀sì tí a pè ti bá wa sọ̀rọ̀ tán lórí àyẹ̀wò ẹ̀jẹ̀ kí á tó ṣe ìgbéyàwó, ìyá kan láàrin wa dìde. Ọmọbìnrin rẹ̀ ń ṣiṣẹ́ ní ọ̀kan nínú àwọn ilé iṣẹ́ tí ó wà ní Industrial Estate ti Ìkòròdú, ní ìhà Ọ̀dógunyàn. Ọmọ náà ti rí ọkùnrin tí ó wù ú, ọkùnrin náà sì ti wá mọ ilé. Àyẹ̀wò wá fi hàn pé AS ni àwọn méjèèjì. Ìjọ tí ọkùnrin náà ń lọ ní àwọn kò ní í so wọ́n pọ̀. Ìyá yìí kò béèrè bóyá ìjọ náà ṣe é re tàbí wọn kò ṣe é re. Ohun tí ó béèrè lọ́wọ́ mi ni pé, "Màmá Tíṣà, kí ni ọmọ mi ṣe tí ẹ̀jẹ̀ rẹ̀ fi bàjẹ́?" Ẹnìkan lẹ́yìn dáhùn wẹ́lẹ́ pé ọ̀dọ̀ bàbá rẹ̀ ni ó ti wá, àwọn kan sì rẹ́rìn-ín. Mi ò rí èsì gidi fún un lọ́jọ́ náà. Ìdí nìyí tí mo fi ń kọ̀wé.

Kí á kọ́kọ́ mọ ohun tí a ń sọ. Gbogbo ọmọ ni ó ń gba ogún ẹ̀jẹ̀ méjì, ọ̀kan láti ọ̀dọ̀ bàbá, ọ̀kan láti ọ̀dọ̀ ìyá. Ẹni tí ó gba A méjì ni AA, ẹni tí ó gba A kan àti S kan ni AS, ẹni tí ó gba S méjì ni SS. Ẹ̀jẹ̀ pupa SS tí ó yẹ kí ó rí roboto a máa tẹ̀ bí dòjé, a máa dí ọ̀nà nínú iṣan, egungun a sì máa ro ọmọ náà. Òun ni a ń pè ní fòníkú-fọ̀ladìde. Bí AS bá fẹ́ AS, nínú oyún kọ̀ọ̀kan, ìpín kan nínú mẹ́rin ni pé kí ọmọ jẹ́ SS, ìpín kan pé kí ó jẹ́ AA, ìpín méjì pé kí ó jẹ́ AS. Mo ní oyún kọ̀ọ̀kan, nítorí mo ti gbọ́ ẹni tí ó ní òun ti bí SS kan, nítorí náà àwọn mẹ́ta tí ó kù ti bọ́. Kò rí bẹ́ẹ̀ o. Oyún kejì kò mọ ohun tí oyún kìíní gbé wá.

Ní Nàìjíríà, nǹkan bí ẹnìkan nínú ènìyàn mẹ́rin ni ó jẹ́ AS. Àjọ Ìlera Àgbáyé ṣe ìṣirò ní 2006 pé nǹkan bí ọmọ 150,000 ni a ń bí pẹ̀lú àrùn yìí lọ́dọọdún ní orílẹ̀-èdè wa nìkan.

Ọ̀rọ̀ tí ó kan mi lọ́kàn jù rèé. Ohun tí ó ń pa ọmọ kí ó tó dàgbà kí ó tó bímọ, ó yẹ kí ó ti tán láyé. Àgbàdo tí kò gbó, àgbẹ̀ kì í rí irúgbìn mú nínú rẹ̀. Kí ló dé tí S kò tán?

Dókítà Anthony Allison, òyìnbó tí ó dàgbà ní Kẹ́ńyà, ni ó fi èsì rẹ̀ hàn ní 1954. Kòkòrò ibà tí ẹ̀fọn ń gbé wọ̀ wá lára, inú ẹ̀jẹ̀ pupa ni ó ń gbé. Nínú ẹ̀jẹ̀ AS, ibùgbé kò rọ̀ ọ́ lọ́rùn. Ibà yóò mú ọmọ AS bí ó ti ń mú gbogbo ọmọ, ṣùgbọ́n irú ibà líle tí ó ń gbé ọmọdé lọ kì í sábà borí rẹ̀. Àwọn tí wọ́n ti wádìí rẹ̀ káàkiri Áfíríkà rí i pé ewu ibà líle fi nǹkan bí ìdá mẹ́sàn-án nínú mẹ́wàá dín kù fún ọmọ AS. Bẹ́ẹ̀ ni ó ṣe rí láyé àtijọ́: ibà pa púpọ̀ nínú àwọn ọmọ AA, fòníkú-fọ̀ladìde pa àwọn ọmọ SS, àwọn AS sì kù, wọ́n bímọ, wọ́n fi A àti S lé ọmọ lọ́wọ́.

Frank Livingstone, ará Amẹ́ríkà, fi kún un ní 1958. Ó ní iṣẹ́ oko wà nínú rẹ̀. Nígbà tí àwọn ènìyàn Ìwọ̀-Oòrùn Áfíríkà bẹ̀rẹ̀ sí gé igbó ńlá láti gbin iṣu, oòrùn ráyè kanlẹ̀, omi dá sí ojú ilẹ̀, ẹ̀fọn ibà sì rí ibi yé ẹyin sí, nítorí omi tí oòrùn ń pa ni ó fẹ́ràn. Ẹni tí ó bá gba Ọ̀dógunyàn kọjá nígbà òjò, tí ó rí omi tí ó dúró nínú ipa táyà tírélà, kò ní í nílò àlàyé púpọ̀. Ilé iṣẹ́ ni a kọ́ níbẹ̀ lónìí dípò oko iṣu, ẹ̀fọn kò bìkítà.

Ẹ má sì jẹ́ kí ẹnikẹ́ni sọ fún yín pé ègún aláwọ̀ dúdú ni. S wà ní Gíríìsì, ó wà ní Íńdíà, ó wà ní ilẹ̀ Lárúbáwá, ibi tí ibà ti jà rí. Ẹ̀jẹ̀ mìíràn tí a ń pè ní C, tí òun náà ń dojú kọ ibà, pọ̀ ní Bọkinafaso àti ní àríwá Gánà ju ọ̀dọ̀ wa lọ, bí a bá sì rékọjá odò Ọya lọ sí ìlà-oòrùn, kò wọ́pọ̀ mọ́. Ní 2018, Daniel Shriner àti Charles Rotimi, ọmọ Nàìjíríà tí ó ń ṣe ìwádìí ní Amẹ́ríkà, tẹ ìṣirò wọn jáde pé ara ọmọ kan ṣoṣo ní Áfíríkà ni S ti bẹ̀rẹ̀, ní nǹkan bí ọdún 7,300 sẹ́yìn. Mo máa ń ronú nípa ìyá tí ó bí ọmọ yẹn. Ọmọ rẹ̀ yóò kàn jẹ́ ọmọ tí ibà mú tí kò kú, yóò sì máa dúpẹ́.

Àwọn baba wa kò mọ S, ṣùgbọ́n wọ́n mọ àbíkú. Ẹ rántí àwọn orúkọ náà: Málọmọ́, Kòsọ́kọ́, Dúrójayé, Bánjókòó, Kòkúmọ́. Kì í ṣe gbogbo àbíkú ni SS, nítorí ibà àti ìgbóná pa ọmọ púpọ̀, ṣùgbọ́n àwọn dókítà gbà pé SS wà nínú wọn. Wọ́n a máa gé ọmọ náà létí tàbí kí wọ́n gé ìka rẹ̀, wọ́n á ní ó burú, ó wá fìyà jẹ ìyá rẹ̀. Àwọn méjì ni wọ́n ṣáájú mi nínú ilé wa tí wọn kò dúró. Wọ́n ti sàmì sí èkejì létí. Kò sí ẹni tí ó yẹ ẹ̀jẹ̀ wọn wò nígbà náà, ṣùgbọ́n ìyá mi a máa sọ pé ọwọ́ àti ẹsẹ̀ wọn a máa wú, wọ́n á máa ké ní òru. Èmi jẹ́ AS. Ibà mú mi lọ́pọ̀ ìgbà ní kékeré, mo sì wà láàyè láti kọ̀wé yìí.

Ibẹ̀ ni ọ̀rọ̀ gbèsè ti wọlé. S kan náà tí ó bò mí lórí ni, nígbà tí ó di méjì, tí ó pa ẹnìkejì. Kò sí bí ìlú yóò ṣe ní AS púpọ̀ tí AS kan kò ní í pàdé AS. Gbogbo ìlú ni ó jẹun, ilé díẹ̀ ni wọ́n gbé owó oúnjẹ náà fún.

Ẹnìkan yóò ní, "Màmá Tíṣà, ẹni tí kò yáwó kò jẹ gbèsè. Kò sí ẹni tí ó bá ọmọ SS ṣe àdéhùn." Ọ̀rọ̀ yìí lágbára, mo sì ti rò ó títí. Ohun tí mo rí ni pé a kì í fi àdéhùn nìkan jẹ gbèsè. Ta ni nínú wa tí ó bá ìyá rẹ̀ ṣe àdéhùn kí ó tó mu ọyàn? Síbẹ̀ a mọ ẹni tí a ń pè ní aláìmoore. Ẹni tí ó jẹ́ AA pàápàá, bí ó bá wo ẹ̀yìn, ó ṣeé ṣe kí ó rí ìyá ìyá rẹ̀ kan tí ó jẹ́ AS tí ibà kò pa. Nígbà tí àwọn ọmọ-ẹ̀yìn rí afọ́jú tí a bí bẹ́ẹ̀, tí wọ́n béèrè ẹni tí ó dẹ́ṣẹ̀, Jésù kò fi ẹ̀ṣẹ̀ náà lé òun tàbí òbí rẹ̀ lórí. Àwa tí a rẹ́rìn-ín ní ìpàdé wa, ìbéèrè àwọn ọmọ-ẹ̀yìn yẹn náà ni a ṣì ń béèrè.

Mo mọ ọ̀dọ́mọkùnrin kan tí ó fi jẹ́nótáìpù rẹ̀ pamọ́ kí ó tó rí iṣẹ́ ní ilé iṣẹ́ kan ní agbègbè wa. Iṣẹ́ náà gbóná, àyè àtimu omi kò sì pọ̀, bẹ́ẹ̀ omi ni ẹni SS nílò jù. Nígbà tí àìsàn mú un lẹ́ẹ̀kẹta, wọ́n ní kí ó máa lọ ilé. Ẹ̀bi ta ni? Ó purọ́, òtítọ́ ni. Ṣùgbọ́n bí ó bá ti sọ òtítọ́, ta ni ìbá gbà á?

Ní ti ìgbéyàwó, n kò fara mọ́ ìjọ tí ó kọ̀ láti so ènìyàn pọ̀, mo sì mọ̀ pé àwọn kan nínú yín yóò bínú sí mi. Kí á yẹ ẹ̀jẹ̀ wò, bẹ́ẹ̀ ni, kí á sì yẹ̀ ẹ́ wò nígbà tí ọmọ wà ní sẹ́kọ́ńdírì, kí ìfẹ́ tó wọlé, kí á sì tún un ṣe ní láàbù mìíràn nítorí àṣìṣe. Kí á sọ ewu náà láìbò. Lẹ́yìn náà, àwọn méjèèjì ni yóò gbé e. Ìjọ tí ó bá ní òun kò so wọ́n pọ̀, ṣé ó ti bẹ ọmọ SS kan wò ní wọ́ọ̀dù rí?

Ìtọ́jú wà nísinsìnyí: folic acid, oògùn ibà tí a ń lò lójoojúmọ́, hydroxyurea tí ó ń dín ìrora kù. Sickle Cell Foundation Nigeria, tí a dá sílẹ̀ ní 1994, wà ní Ìdí-Àràbà fún ẹni tí ó bá fẹ́ ìmọ̀ràn. Ní òpin 2023, Bìrìtìkó àti Amẹ́ríkà fọwọ́ sí ìwòsàn kan tí ó ń tún ẹ̀jẹ̀ ṣe láti ìpìlẹ̀, ṣùgbọ́n iye rẹ̀ ní Amẹ́ríkà lé ní mílíọ̀nù 2 dọ́là. Kí á má sì gbàgbé pé kòkòrò ibà náà ń yí padà: kilorokúìn tí gbogbo wa ń mu tí ara ń yún wa kò ràn án mọ́, ìjọba sì fi oògùn mìíràn rọ́pò rẹ̀ ní 2005. Níbi tí ibà bá ti kúrò, S kò níṣẹ́ mọ́. Láàrin àwọn aláwọ̀ dúdú Amẹ́ríkà, nǹkan bí ẹnìkan nínú mẹ́tàlá ni ó ní i, bí ó tilẹ̀ jẹ́ pé ìdàpọ̀ ẹ̀jẹ̀ pẹ̀lú wà nínú ìdí rẹ̀.

Mo ti bá akọ̀wé àti akápò wa sọ ọ́. Àpò ẹgbẹ́ wa ń sanwó fún òkú àti fún aṣọ àjọ̀dún. Mo fẹ́ kí á yọ díẹ̀ nínú owó aṣọ fún oògùn oṣooṣù àwọn ọmọ SS tí ó wà nínú ìjọ wa, láìka orúkọ wọn ní gbangba. A ó sọ̀rọ̀ lé e ní ìpàdé tí ń bọ̀. Ìyá tí mo sọ̀rọ̀ rẹ̀ ti ní kí á fi í sí ọ̀sán Sátidé, nítorí òru ni ọmọ òun ń ṣiṣẹ́ lọ́sẹ̀ náà, ọmọ náà sì fẹ́ wà níbẹ̀.