Ẹni Bímọ Ọ̀ràn

Bí ẹ bá wọ hòtẹ́ẹ̀lì ńlá, ẹ gbójú sókè wo àjà. Ẹ lè rí nǹkan róbótó funfun kan níbẹ̀ tó máa ń figbe ta bí èéfín bá dé ọ̀dọ̀ rẹ̀, kí iná tó jó èèyàn mọ́lé. Nínú ọ̀pọ̀ irú ẹ̀rọ yìí ni americium wà. Èèyàn ló ṣe é. Kì í ṣe ohun tí a ń wà nínú ilẹ̀ bíi wúrà.

Ẹ mọ ibi tó ti ṣẹ̀ wá? Ara plutonium ni, èyí tí wọ́n fi ṣe bọ́ǹbù tí wọ́n jù sí Nagasaki ní August 9, 1945. Bí plutonium bá pẹ́ nínú iná átọ́míìkì, apá kan rẹ̀ á yí padà, díẹ̀díẹ̀ á di americium. Glenn Seaborg àti àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ ló rí i ní Chicago ní 1944, wọ́n sì fi í pamọ́ nítorí ogun. Ní November 11, 1945, nínú ètò àwọn ọmọdé lórí rédíò, ọmọ kan bi Seaborg bóyá wọ́n ti rí èròjà tuntun. Bí àṣírí ṣe tú nìyẹn.

Ẹnì kan lè wí pé: "Ọmọ rere ti ilé ìkà jáde, ọ̀rọ̀ parí." Lóòótọ́, gíráàmù kan péré tó ṣe ẹ̀rọ èéfín tó ju 3,000,000 lọ. Èmi kò jiyàn. Ṣùgbọ́n oore kì í pa gbèsè rẹ́.

Ẹ gbọ́ ná. Wọ́n tún ń po americium mọ́ beryllium, wọn a sọ ọ́ sínú kànga epo láti mọ ohun tó wà nínú àpáta. Ní December 2002, irú rẹ̀ sọnù ní Niger Delta. Jámánì ni wọ́n ti rí i ní 2003, láàárín àwókù irin! Àwọn tó gbé e kiri, ṣé wọ́n mọ̀ pé bí èèyàn bá gbé irú nǹkan yìí mì, díẹ̀ nínú rẹ̀ lè lọ jókòó sínú eegun?

Àwọn àgbà ní ẹni bímọ ọ̀ràn ní í pọ̀n ọ́n. Àmọ́ ọmọ tiwa yìí yóò pẹ́ láyé jù wá lọ. Èyí tí a bá ṣe lónìí, lẹ́yìn ọdún 432, ìdajì rẹ̀ ṣì wà. Ẹ̀yìn ta ni yóò wà nígbà náà? Ẹ̀yìn ọmọ tí a kò tíì bí, tí kò jẹ nínú oore rẹ̀.

Nítorí náà, kò tó ká máa béèrè pé, "Kí ni yóò ṣe fún wa?" Ká tún béèrè pé, "Ta ni yóò pọ̀n ọ́n nígbà tí a kò bá sí mọ́?" Bí ẹ̀rọ èéfín yín bá sì gbó, ẹ má fọ́ ọ, ẹ má sun ún. Ẹ dá a padà fún ẹni tó ṣe é.