Ọmọ-ogun Jámánì àti Ẹrù tí Ó Dì Ránṣẹ́ sí Ilé

Ọkùnrin tí ó fẹ́ràn aya àti àwọn ọmọ rẹ̀, ǹjẹ́ ìfẹ́ náà tó láti sọ ọ́ di ènìyàn rere?

A kò sọ ti àwọn ọ̀gágun. Ọmọ-ogun lásán ni a ń wí, tí ó wọ ilẹ̀ Rọ́ṣíà ní oṣù June 1941. Ẹsẹ̀ ni púpọ̀ nínú wọn fi rìn, ẹṣin ni ó sì ń fa ọ̀pọ̀ ẹrù wọn. Iná aṣọ jẹ wọ́n. Nígbà tí òtútù dé, tí aṣọ òtútù kò tó, ìka ẹsẹ̀ ẹlòmíràn kú mọ́ ọn lára. A kọ ọ́ sára irin àmùrè wọn pé Ọlọ́run wà pẹ̀lú wọn. Lẹ́tà láti ilé ni ìtùnú wọn. Àánú wọn ṣe wá; ojú kò tì wá láti wí bẹ́ẹ̀.

Ṣùgbọ́n àwọn pẹ̀lú a máa di ẹrù ránṣẹ́: bọ́tà, ẹran, aṣọ. Ọwọ́ ta ni wọ́n ti gbà á? Ìjọba wọn ti pinnu ṣáájú pé kí ogun náà máa jẹ oúnjẹ ilẹ̀ Rọ́ṣíà, bí ebi tilẹ̀ pa àwọn onílẹ̀. Òǹdè ogun tí ó kú lọ́wọ́ wọn ju 3,000,000 lọ. Ebi ni ó pa èyí tí ó pọ̀ jù. Ẹni tí ó ṣọ́ wọn lọ́sàn-án lè jókòó lálẹ́, kí ó kọ̀wé béèrè bóyá ọmọ rẹ̀ ti hu eyín.

Àwọn kan yóò wí pé àṣẹ ni. Òótọ́ ni, a yìnbọn pa ẹgbẹẹgbẹ̀rún tí ó sá. Ṣùgbọ́n ní ti bọ́tà, àyè ni a fún un. A kò fi ipá mú un. Ọmọ tí ó jẹ ẹ́ ní Jámánì kò mọ ibi tí ó ti wá. Bàbá rẹ̀ mọ̀.