Ta Ló Ni Eré Inú Fíláàṣì?

Ní Ìkòròdú, ẹ̀gbọ́n mi ń ti inú fíláàṣì gbá eré bọ́ọ̀lù lórí PlayStation 2, ẹ̀rọ tí Sony kò ṣe mọ́ láti ọdún 2013. Ó ní, "Eré yìí kò sí lọ́jà mọ́, ta ni mo jà lólè?" Mo gbà bẹ́ẹ̀.

Nígbà ìsinmi, mo ká ọsàn nínú oko kan tí igbó ti bò ní Ẹ̀pẹ́. Bàbá àgbà ní kí n dá a padà: "Bí igbó bo oko, kò ní kí ó má ní olóko."

Eré tí a ra díìsìkì rẹ̀, tí a wá dà sí fíláàṣì kí ó má baà ṣègbé, n kò rí ẹ̀bi níbẹ̀. Ṣùgbọ́n èyí tí a rà lọ́wọ́ aládàkọ ńkọ́? Pé ọjà ti tú kò sọ ẹrù ọlọ́jà di ti ẹni tó ń kọjá.